Fetisov Kò Gba Ojú Fèrèsé Jáde

Ẹ̀yin ọmọ mi,

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Ìwé kan ló mú mi gbé bírò. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọmọ ọ̀rẹ́ mi kan, ọmọ ọdún 19, mú ìwé àdéhùn wá, ó ní kí n bá òun buwọ́ lù ú bí ẹlẹ́rìí. Ẹnì kan fẹ́ mú un lọ sókè òkun láti lọ máa gbá bọ́ọ̀lù. Ojú ìwé 11 ni, ọmọ náà kò sì kà kọjá ìkejì. Ojú ìwé keje ni wọ́n fi ọ̀rọ̀ pamọ́ sí: fún ọdún 5, èyí tó pọ̀ jù nínú owó tó bá gbà, ti ẹni tó mú un lọ ni. Mo kà á sí i létí. Ó ní, "Bàbá, ẹ jẹ́ kí n ṣáà débẹ̀ ná." Mo bi í bóyá ó mọ Fetisov. Ó ní ṣé ará àdúgbò wa ni.

Ẹ jókòó, ó tó ìtàn.

Moscow ni mo ti kàwé láàárín 1983 sí 1989. Nígbà òtútù, àwọn ará àdúgbò á da omi sílẹ̀ ní àgbàlá tó wà láàárín àwọn ilé alájà. Kí ilẹ̀ tó mọ́, omi ti di yìnyín gbagidi. Pápá àwọn ọmọdé nìyẹn. Bàtà tí irin wà lábẹ́ rẹ̀ bí ojú ọ̀bẹ ni wọ́n ń wọ̀, wọ́n á mú ọ̀pá tí ìdí rẹ̀ tẹ̀, wọ́n á máa fi lé róbà dúdú pẹlẹbẹ kan tí kò ju agolo ìpara lọ. Họ́kì nìyẹn. Mo gbìyànjú ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Ìbàdí mi kò tíì gbàgbé.

Ìyá àgbà kan ló ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ilé tí àwa akẹ́kọ̀ọ́ ń gbé. Bí họ́kì bá ti bẹ̀rẹ̀ lórí tẹlifíṣàn kékeré wọn, ẹnikẹ́ni kò lè gba kọ́kọ́rọ́ yàrá lọ́wọ́ wọn mọ́. Ìka ni wọ́n máa fi ń tọ́ka sí nọ́ńbà 2: "Slava nìyẹn." Viacheslav ni orúkọ àbísọ Fetisov tí mò ń wí yìí, Slava ni wọ́n gé e sí, ìtumọ̀ Slava sì ni "ògo" ní èdè wọn.

Adẹ́yìnmú ni Fetisov. Àwọn mẹ́fà-mẹ́fà ló ń kojú ara wọn lórí yìnyín: aṣọ́lé kan, adẹ́yìnmú méjì, atamátàsé mẹ́ta. Ọ̀pọ̀ adẹ́yìnmú, bí róbà bá ti bọ́ sí wọn lọ́wọ́, wọ́n á gbá a dànù kí wàhálà kúrò nílé. Tirẹ̀ kò rí bẹ́ẹ̀. Á gbórí sókè, á wò yíká, á fi fún ẹni tó yẹ, òun náà á sì tẹ̀ lé e lọ síwájú. Òun àti Kasatonov lẹ́yìn, Krutov, Larionov àti Makarov níwájú: bí ọ̀tayò ni àwọn márùn-ún yìí ṣe ń ṣe é. Wọn kì í dédé jù ú sójú ilé. Wọ́n á pín in, wọ́n á tún pín in, títí aṣọ́lé òdìkejì kò ní mọ ibi tí yóò kọjú sí.

Moscow ni wọ́n bí i sí, ní ọjọ́ 20 oṣù kẹrin ọdún 1958. CSKA, ẹgbẹ́ àwọn ológun, ló gbá fún, nítorí náà sójà ni gbogbo wọn lórí ìwé. Òun alára dé ipò mejọ̀. Ní 1980, ní Òlíńpíìkì Lake Placid, àwọn ọmọ yunifásítì ilẹ̀ Amẹ́ríkà fi góòlù 4 sí 3 na ẹgbẹ́ Soviet, orúkọ tí orílẹ̀-èdè wọn ń jẹ́ nígbà náà. Lẹ́yìn ìyẹn ni Viktor Tikhonov, akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn, wá fa okùn le. Inú àgọ́ ni wọ́n ti ń lo èyí tó pọ̀ jù nínú ọdún. Ìyàwó wà láàárín ìlú, ọkọ wà nínú igbó! Èmi ò ní sọ pé Tikhonov kò mọṣẹ́. Wọ́n gba wúrà Òlíńpíìkì ní 1984 àti 1988, Fetisov sì gba ife àgbáyé nígbà 7. Ṣùgbọ́n ẹni tó mọṣẹ́ lè má mọ èèyàn.

Ẹ wá gbọ́ ibi tí mo ń lọ. Láti 1983 ni New Jersey Devils, ẹgbẹ́ họ́kì kan ní Amẹ́ríkà, ti ń fẹ́ ẹ. Àwọn ọ̀gá rẹ̀ nílé ṣèlérí fún un pé lẹ́yìn wúrà 1988 á lọ. Wúrà dé, ìlérí kò dé. Ohun kan tún wà nínú ọ̀rọ̀ náà: bí wọ́n bá tilẹ̀ jẹ́ kó lọ, ilé iṣẹ́ ìjọba ló máa gba owó oṣù rẹ̀, wọ́n á wá já díẹ̀ fún un. Fetisov ní òun kò gbà. Ó tún ní òun kò gbá fún Tikhonov mọ́.

Wọ́n lé e kúrò láàárín ẹgbẹ́, òun nìkan ló ń dá eré ìdárayá ṣe. Kasatonov, ọ̀rẹ́ rẹ̀ tímọ́tímọ́, kò dúró tì í. Larionov àti Makarov ni wọ́n bọ́ sórí tẹlifíṣàn pẹ̀lú àwọn mìíràn, wọ́n ní bí Fetisov kò bá lọ sí ìdíje àgbáyé, àwọn náà kò lọ. Mo wà níwájú tẹlifíṣàn ìyá àgbà wa lásìkò náà. Èèyàn kì í sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ní gbangba nílùú yẹn. Ìyá fọwọ́ bo ẹnu.

Wọ́n dá a padà. Wọ́n gba wúrà ní Stockholm ní 1989, ibẹ̀ náà sì ni Alexander Mogilny, ọmọ ọdún 20, ti sá lọ sí Amẹ́ríkà. Mi ò bá ọmọ náà wí, ẹni tó wọ bàtà ló mọ ibi tó ti ń ta á lẹ́sẹ̀. Ṣùgbọ́n sójà tó sá lẹ́nu iṣẹ́ ni wọ́n kà á sí. Fetisov náà ti rìn káàkiri ayé pẹ̀lú ẹgbẹ́ yìí fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ó lè sá nígbàkúùgbà. Kò sá. Ó fi iṣẹ́ ológun sílẹ̀, ó gba ìwé rẹ̀, owó rẹ̀ di tirẹ̀, ó sì gba ẹnu ọ̀nà jáde lójú gbogbo wọn. Ó ti pé ọdún 31 nígbà náà, ọjọ́ orí tí ẹlòmíì ti ń ronú àtifẹ̀yìntì.

Ẹ má rò pé oyin ló bá níbẹ̀. Pápá wọn ní Amẹ́ríkà fẹjú tó mítà 26, ti ilé tó ti mọ́ ọn lára sì tó 30. Kí èèyàn tó wo ìwo kan, wọ́n ti kọlù ú. Àwọn kan nínú àwọn olùwòran kò fẹ́ rí ọmọ Soviet sójú. Kasatonov náà tún dé bá a nínú ẹgbẹ́ kan náà. Wọ́n jọ ń di ẹ̀yìn mú, wọn kì í bá ara wọn sọ̀rọ̀. Àárẹ̀ ọdún mẹ́fà ni ó fi ra ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà: ẹgbẹ́ Detroit gbà á ní 1995, Scotty Bowman, akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn, sì kó ọmọ Rọ́ṣíà márùn-ún pọ̀ lórí yìnyín, Larionov wà nínú wọn. Ní 1997 wọ́n gba Stanley Cup, ife tó ga jù nínú họ́kì wọn níbẹ̀, tí Detroit kò fojú kàn láti 1955. Ọjọ́ 6 lẹ́yìn rẹ̀ ni ọkọ̀ tí wọ́n háyà, tí Fetisov wà nínú rẹ̀, forí sọ igi. Fetisov yè é. Konstantinov, ọ̀kan nínú àwọn márùn-ún náà, adẹ́yìnmú bíi tirẹ̀, tí wọ́n jọ wà nínú ọkọ̀, kò gbá họ́kì mọ́ láéláé.

Lóṣù kẹjọ ọdún yẹn, Fetisov, Larionov àti Kozlov, tí òun náà wà nínú àwọn márùn-ún, gbé ife náà lọ sí Moscow, títí dé Red Square, gbàgede ńlá àárín ìlú. Mo ti padà sílé nígbà náà. Inú ìwé ìròyìn ni mo ti rí àwòrán rẹ̀, mo sì rántí ìyá àgbà.

Èmi alára, nígbà tí mo dé láti Rọ́ṣíà, iléeṣẹ́ kan tí mi ò ní dárúkọ gba ojúlówó ìwé ẹ̀rí mi pamọ́ fún ọdún 3. Ó wà nínú ìwé tí mo buwọ́ lù. Mi ò kà á.

Ìwé ọmọ ọ̀rẹ́ mi ṣì wà lórí tábìlì mi, mi ò tíì buwọ́ lù ú. Ní Sátidé, lẹ́yìn oúnjẹ àárọ̀, a máa jọ kà á láti ojú ìwé kìn-ín-ní. Ẹni tó bá ní tirẹ̀ nínú yín, kó mú un bọ̀, kó sì mú bírò pupa dání. Tèmi ti gbẹ.

Èmi ni,
Bàbá Moscow, bí ẹ ti máa ń pè mí