Lẹ́tà sí Àjàní: Òrìṣà tó Di Ìjàpá

Àjàní, ọ̀rẹ́ mi àtàtà,

Ṣé ara le? Ìyá Bísí ńkọ́, àwọn ọmọ ńkọ́? Mo gbọ́ pé yìnyín ti ń já bọ́ lọ́hùn-ún. Ẹ kú ìfaradà. Àwa náà wà níbí, a dúpẹ́, àfi iná mọ̀nàmọ́ná tó ń ṣe bó ṣe máa ń ṣe.

Ọ̀rọ̀ tó o sọ lórí fóònù lọ́jọ́sí kò tíì kúrò lọ́kàn mi. O ní ìwé ìtàn àròsọ tí Terry Pratchett, òǹkọ̀wé ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kọ, tí mo ní kó o kà, Small Gods, kò ju ìwé òyìnbó tó ń fi Ọlọ́run ṣẹ̀fẹ̀ lọ, pé o kà á débì kan, o sì pa á dé. Jọ̀ọ́, ṣí i padà. Mo gbà pé ó ń ṣẹ̀fẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó ń fi ṣẹ̀fẹ̀ yàtọ̀ sí ẹni tó o rò.

Wo bí ọ̀rọ̀ ṣe rí ní ilẹ̀ Omnia yẹn. Òrìṣà kan ṣoṣo ni wọ́n gbà, Om lorúkọ rẹ̀. Wòlíì méje ló ti wá, wọ́n ń retí ìkẹjọ. Tẹ́ńpìlì wọn tóbi bí ìlú, àlùfáà kún inú rẹ̀ bámúbámú. Wọ́n ń kọ́ àwọn èèyàn pé ayé rí rogodo bí bọ́ọ̀lù, ẹni tó bá sì sọ pé pẹrẹsẹ ni, pé ó jókòó lórí erin mẹ́rin, pé àwọn erin náà dúró lórí ẹ̀yìn ìjàpá ńlá kan, aládàámọ̀ ni. Wọ́n á gbé e wọ yàrá ìsàlẹ̀, ohun tójú rẹ̀ bá rí níbẹ̀, kò ní lè ròyìn. Bẹ́ẹ̀ ni ayé yẹn gan-an sì ṣe rí o! Àwọn aládàámọ̀ ló jàre.

Om fẹ́ sọ̀ kalẹ̀ láti wá fara han àwọn èèyàn rẹ̀. Akọ màlúù ńlá ló fẹ́ dà, ìjàpá ló bá ara rẹ̀. Ọdún mẹ́ta ló fi ń rákò kiri, kò mọ ẹni tí òun jẹ́, títí idì kan fi gbé e lọ sókè tó sì jù ú sílẹ̀. Orí òkìtì ààtàn ló bọ́ sí, nínú ọgbà tí ọmọkùnrin kan tí wọ́n ń pè ní Brutha ti ń ro ìdí bàrà. Ìjàpá pè é. Brutha nìkan ló gbọ́. Nínú gbogbo tẹ́ńpìlì yẹn, pẹ̀lú gbogbo agbádá àti tùràrí, òun nìkan ló ṣẹ́kù tó gba Om gbọ́ tọkàntọkàn, ìgbàgbọ́ ọmọ kan ṣoṣo yẹn kò sì lè gbé ju ìjàpá lọ.

Ibi tó pa mí lẹ́rìn-ín jù ni ibi tí Brutha ti ń ka ìwé mímọ́ fún un. Ọmọ yẹn kò mọ̀wé kà o, ṣùgbọ́n kò gbàgbé ohunkóhun rí láyé rẹ̀, gbogbo ìwé náà ló wà lórí rẹ̀. Ó ń ka òfin tí Om fún wòlíì báyìí báyìí lórí òkè báyìí báyìí, ìjàpá ń wò ó bọ̀ọ̀. Èmi kẹ̀? Ìgbà wo? Kò rántí ìkankan. Àwọn wòlíì ti gbé òfin tara wọn kalẹ̀, wọ́n fi orúkọ rẹ̀ lù ú ní òǹtẹ̀.

Vorbis wá ni olórí àwọn afìyàjẹni. Kì í pariwo, kì í bínú. Ó ń kọjá lọ lọ́jọ́ kan, ó rí ìjàpá kan nílẹ̀, ó yí ẹ̀yìn rẹ̀ bolẹ̀ kí àyà rẹ̀ lè kọjú sí oòrùn, ó wá fi òkúta wẹ́wẹ́ há a ní ọ̀tún àti òsì kó má baà lè yí padà, ó dúró, ó ń wo ohun tó máa ṣe. Àjàní, òrìṣà tó ní òun ń sìn ni o! Om ń pariwo sí i lọ́kàn, kò wọlé, nítorí ọkàn Vorbis kò ní fèrèsé. Ohùn ara rẹ̀ nìkan ló ń gbọ́ níbẹ̀, ó sì ń pè é ní ohùn Om.

Ìyẹn ni mo ní kó o wò. Àwọn tó ń wá sí tẹ́ńpìlì kò dín. Ẹ̀rù yàrá ìsàlẹ̀ ló ń gbé wọn wá, àwọn afìyàjẹni ni wọ́n sì ń rò bí wọ́n bá kúnlẹ̀.

Àwọn bàbá wa ti sọ ọ́ tipẹ́ pé bí ènìyàn ò sí, imalẹ̀, ìyẹn òrìṣà, ò sí. Karin Barber, ọ̀mọ̀wé òyìnbó tó gbé ní ìlú Òkukù, tó gbọ́ Yorùbá ju àwọn ọmọ ilé wa míì lọ, kọ ọ̀rọ̀ kan ní 1981 lórí bí èèyàn ṣe ń sọ òrìṣà di ńlá, bí àwọn ọmọ ẹ̀yìn ṣe ń sọ gbajúmọ̀ di gbajúmọ̀. Mi ò sọ pé Pratchett kà á kó tó gbé ìwé tirẹ̀ jáde ní 1992. Ohun tí mò ń wí ni pé kò yẹ kó ya ọmọ Yorùbá lẹ́nu.

Ibi tí mo ti ń bá Pratchett jiyàn rèé. Lọ́dọ̀ tirẹ̀, ìgbàgbọ́ inú ọkàn ni oúnjẹ òrìṣà. Lọ́dọ̀ wa, ẹnu àti ọwọ́ ni: ẹ fi oríkì kì í, ẹ pa obì fún un, ẹ bọ ọ́. Bí kò bá sì ṣe nǹkan kan, wọ́n á sọ fún un lójú ara rẹ̀ pé, òrìṣà, bí o ò lè gbè mí, ṣe mí bí o ṣe bá mi. Wọ́n á sì gba ọ̀dọ̀ òmíràn lọ. Ní Òkukù, Om ì bá ti mọ̀ tipẹ́ pé ọjà òun ti ń tú, nítorí ó máa rí àwọn tó ń lọ. Ní Omnia, ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ lọ. Ìdí nìyẹn tí ebi fi ń pa á tí kò mọ̀, tó fi wá sáyé tán kó tó rí i pé òun ò lẹ́nìkan mọ́.

Bóyá ibi aginjù lo ti pa ìwé náà dé, níbi tí àwọn òrìṣà kéékèèké tí kò ní olùsìn kankan ti ń sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́ nínú atẹ́gùn, tí wọ́n ń ṣèlérí gbogbo ayé fún ẹnikẹ́ni tó bá lè gbà wọ́n gbọ́. Ibẹ̀ gan-an ni kó o ti tún bẹ̀rẹ̀. Brutha gbé Vorbis tó ti fẹ́ kú kọ́rùn, ó ní òun ò ní fi í sílẹ̀, ìjàpá sì ń bá a jà pé ọmọ dìndìnrìn ni. Ìjàpá lójú mi ló jàre níbẹ̀, mo ṣì fẹ́ gbọ́ tìrẹ.

Idì ṣì ń padà bọ̀ o. Mi ò ní sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ, àfi pé nínú àlọ́ tiwa, bí Ìjàpá bá já bọ́ láti òkè, ẹ̀yìn ara rẹ̀ ló máa ń fọ́. Tibí yìí, orí ẹlòmíì ni. Lẹ́yìn ìyẹn, Om padà di ńlá, Brutha sì dojú kọ ọ́ pé òfin tó bá máa de èèyàn gbọ́dọ̀ de òun náà. Ka bí wọ́n ṣe dúnàádúrà.

Àbúrò mi ń bọ̀ lọ́hùn-ún nínú oṣù Kejìlá, mo fi èlùbọ́ àti irú rán an sí Ìyá Bísí. Bí o bá ti ka ibi aginjù tán, pè mí, ká jọ fa ọ̀rọ̀ Vorbis yẹn. Ṣùgbọ́n má pè láàárọ̀ Sunday o, mo máa wà ní ṣọ́ọ̀ṣì.

Èmi ni tìrẹ,
Àkànní