Ìwé Ẹ̀bẹ̀ Ẹgbẹ́ Àwọn Aránṣọ, Ahunṣọ àti Aláró: Ẹ Má Tíì Tọwọ́ Bọ̀wé

Sí: Alága Ìjọba Ìbílẹ̀ àti gbogbo ọmọ ìgbìmọ̀
Láti ọ̀dọ̀: Ẹgbẹ́ Àwọn Aránṣọ, Ahunṣọ àti Aláró
Ọ̀rọ̀: Àdéhùn tí ẹ fẹ́ bá ilé-iṣẹ́ aṣọ òkè òkun ṣe

Alága wa ọ̀wọ́n, ẹ̀yin ọmọ ìgbìmọ̀,

A kí yín, ẹ kú iṣẹ́ ìlú. A gbọ́ lẹ́nu yín ní gbangba pé ilé-iṣẹ́ aṣọ ńlá kan ń bọ̀ láti òkè òkun, pé ẹ fẹ́ fún un ní ilẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́, pé kò ní san owó-orí fún ọ̀pọ̀ ọdún, àti pé yóò fún ọmọ ìlú níṣẹ́. A yọ̀ sí èyí tó kẹ́yìn yẹn. Ṣùgbọ́n títí di òní, kò sí ẹnìkan nínú wa tó fojú kan ìwé àdéhùn náà. Ìdí rèé tí a fi wá síwájú yín: ẹ jọ̀wọ́, ẹ má tíì tọwọ́ bọ̀ ọ́ títí àwa tí a ó máa bá a gbé yóò fi kà á.

Ẹ má ṣe kà wá sí ọ̀tá ìdàgbàsókè. Abẹ́rẹ́ àti ẹ̀rọ ìránṣọ wa, òkè òkun ni wọ́n ti wá. Láti ọdún 1897 tí ilé-iṣẹ́ BASF ní Jámánì ti bẹ̀rẹ̀ sí í ta aró tí wọ́n fi kẹ́míkà ṣe, aró inú agolo ti wọ ìkòkò àwọn aláró káàkiri ayé, a sì ń lò ó. A kò bẹ̀ yín pé kí ẹ ti ilẹ̀kùn. Ohun tó ń kọ wá lóminú ni bí ẹ ṣe fẹ́ ṣí i, ta ni yóò mú kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́, àti ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ lọ́jọ́ tí àlejò bá ní òun ń lọ.

Nítorí àlejò yìí lè lọ. Àwa tí a wà nídìí iṣẹ́ yìí mọ̀ ọ́n ju ẹnikẹ́ni lọ. Ilé-iṣẹ́ irin tàbí ti sìmẹ́ńtì kì í rọrùn láti kó kúrò, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ ìránṣọ kò ní gbòǹgbò. Ẹ tú u kúrò lára tábìlì, ẹ dì í sínú àpótí, ó di orílẹ̀-èdè mìíràn. Fún ọgbọ̀n ọdún, láti 1974, àdéhùn àgbáyé kan wà tó ń pín iye aṣọ tí orílẹ̀-èdè kọ̀ọ̀kan lè kó lọ sí ọjà àwọn olówó. Nítorí ìpín yẹn ni àwọn oníṣòwò Éṣíà kan fi lọ dá ilé-iṣẹ́ aṣọ sílẹ̀ ní Lesotho, orílẹ̀-èdè kékeré kan ní gúúsù Áfíríkà. Bí àdéhùn náà ti parí ní January 1, 2005, àwọn kan nínú wọn ti ilẹ̀kùn, wọ́n bá tiwọn lọ, iṣẹ́ sì bọ́ lọ́wọ́ ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn. Àwọn òṣìṣẹ́ yẹn kò rán aṣọ tì. Ìpinnu tí wọ́n ṣe níbòmíràn ló gba iṣẹ́ lọ́wọ́ wọn.

Ẹ jẹ́ kí a sọ ti Foxconn, torí ó jọ èyí tó wà lọ́wọ́ yín lọ́pọ̀lọpọ̀. Ní 2017, ilé-iṣẹ́ Taiwan yìí, tó ń ṣe ẹ̀rọ ìgbàlódé, sọ fún ìpínlẹ̀ Wisconsin ní Amẹ́ríkà pé òun yóò ná bílíọ̀nù 10 dọ́là, òun yóò sì gba ènìyàn 13,000 síṣẹ́. Ìpínlẹ̀ náà ní òun yóò fi ìrànwọ́ tó sún mọ́ bílíọ̀nù 3 dọ́là tì í lẹ́yìn. Àwọn ará Mount Pleasant, abúlé tí iṣẹ́ náà bọ́ sí, yá owó, wọ́n ra ilẹ̀ lọ́wọ́ àwọn onílé, wọ́n wó ilé, wọ́n la ọ̀nà. Nígbà tó di 2021, ìlérí náà ti sọ̀ kalẹ̀ di ènìyàn 1,454 àti mílíọ̀nù 672 dọ́là. Ẹ wá wo ohun tó ya ìpínlẹ̀ yẹn sọ́tọ̀ kúrò lára abúlé yẹn. Ìpínlẹ̀ ti kọ ọ́ sínú ìwé pé iye ènìyàn tí wọ́n bá gbà síṣẹ́ ni yóò sọ iye tí wọn yóò rí gbà, nítorí náà ó lè dín ìrànwọ́ rẹ̀ kù sí mílíọ̀nù 80 dọ́là. Abúlé ní tirẹ̀ ti náwó ṣáájú, ilé tí wọ́n sì wó kò lè padà dìde. Ipò abúlé yẹn gan-an ni ìjọba ìbílẹ̀ máa ń wà: òun ló ń kọ́kọ́ náwó, òun ló sì máa ń kẹ́yìn mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ti yí padà. Bí ìpínlẹ̀ tó ní agbẹjọ́rò àti onímọ̀ owó rẹpẹtẹ bá lè rí irú èyí, ẹ jẹ́ kí àwa náà fara balẹ̀.

Ọ̀rọ̀ iṣẹ́ tí wọn yóò fún ọmọ ìlú náà ń kọ́? A ní láti bi yín pé irú iṣẹ́ wo ni. Ní April 23, 2013, ògiri Rana Plaza, ilé alájà mẹ́jọ nítòsí Dhaka ní Bangladesh, sán. Báńkì àti àwọn ṣọ́ọ̀bù tó wà nísàlẹ̀ ti ilẹ̀kùn, wọ́n kó èèyàn wọn jáde. Àwọn aránṣọ tó wà lókè ni wọ́n ní kí wọ́n padà wọlé lọ́jọ́ kejì, torí ọjọ́ tí wọ́n gbọ́dọ̀ kó aṣọ jáde ti kù dẹ̀dẹ̀. Ilé náà wó. Ènìyàn 1,134 ló kú. Aránṣọ bíi tiwa ni wọ́n, wọ́n jókòó sídìí ẹ̀rọ bí a ti ń jókòó yìí. Nígbà tí ariwo ta, àwọn ilé-iṣẹ́ kan ní Yúróòpù àti Amẹ́ríkà ní àwọn kò mọ̀ pé ibẹ̀ ni wọ́n ti ń rán aṣọ àwọn, nítorí agbaṣẹ́ṣe ló tún gbé iṣẹ́ fún agbaṣẹ́ṣe. Kò pẹ́ sí i ni àwọn ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ mú kí ilé-iṣẹ́ tó ju 200 lọ tọwọ́ bọ àdéhùn ààbò tí òfin lè fi mú wọn. Ìyẹn fi hàn pé ó ṣeé ṣe. Ṣùgbọ́n kí ló dé tí ó fi gbọ́dọ̀ jẹ́ lẹ́yìn ìsìnkú?

Àwọn kan nínú yín ti sọ fún wa pé ọjà àgbáyé kò fàyè gba kí ìjọba máa fún ilé-iṣẹ́ ní òfin. Ẹ̀yin àgbà, ìtàn iṣẹ́ wa kò sọ bẹ́ẹ̀. Nígbà tí aṣọ alárà Íńdíà gba ojú àwọn ará Gẹ̀ẹ́sì, ilé aṣòfin wọn ṣe òfin ní 1700, wọ́n tún ṣe òmíràn ní 1721, láti fi dáàbò bo àwọn tó ń hun aṣọ onírun àgùntàn àti sílíkì lọ́dọ̀ wọn. Ìgbà tí ẹ̀rọ tiwọn ti lágbára tán ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wàásù fún ẹlòmíràn pé kí ó jẹ́ kí ọjà máa wọlé láìsí ìdíwọ́. Kòríà Gúúsù náà, ní àwọn ọdún 1960, fún ilé-iṣẹ́ ní owó àti ààbò, ṣùgbọ́n ó dá iye ọjà tí wọ́n gbọ́dọ̀ tà sókè òkun lé wọn lọ́wọ́. Ìjọba fún wọn, ìjọba sì béèrè. Ohun tí a ń bẹ̀ yín kò ju ìyẹn lọ.

A kò sọ pé ó rọrùn. Ní 2016, àwọn orílẹ̀-èdè Ìlà Oòrùn Áfíríkà pinnu láti dín aṣọ àlòkù tó ń wọlé kù kí àwọn aránṣọ wọn lè rí mí. Rwanda gbé owó ibodè lórí kílò aṣọ àlòkù kan láti 0.20 dọ́là sí 2.50 dọ́là. Àwọn oníṣòwò àlòkù ní Amẹ́ríkà kígbe tọ ìjọba wọn lọ, Amẹ́ríkà halẹ̀, àwọn tó kù rọra fà sẹ́yìn. Rwanda kò yẹsẹ̀, nígbà tó sì di July 2018, Amẹ́ríkà gba àǹfààní àìsan-owó-ibodè kúrò lórí aṣọ tí Rwanda ń kó lọ sí ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ẹni tó lágbára lè fìyà jẹ ẹni tó bá sọ pé òun ń dáàbò bo tirẹ̀. A mọ̀. Ìdí nìyẹn tí agbára tó wà lọ́wọ́ ẹ̀yin nísinsìnyí, kí ẹ tó tọwọ́ bọ̀wé, fi ṣe pàtàkì tó bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀, ọwọ́ yín á kúrú.

Ọwọ́ yín tilẹ̀ lè kúrú ju bí ẹ ti rò lọ. Uruguay kọ ìkìlọ̀ ńlá sára páálí sìgá láti gba ẹ̀mí àwọn ènìyàn rẹ̀ là. Ní 2010, ilé-iṣẹ́ sìgá Philip Morris gbé e lọ síwájú ìgbìmọ̀ onílàjà àgbáyé, ẹjọ́ náà kò sì parí títí di 2016. Uruguay ló jàre. Ṣùgbọ́n ọdún mẹ́fà ni orílẹ̀-èdè odindi fi ro ẹjọ́ lórí òfin ìlera tirẹ̀. Ìjọba ìbílẹ̀ wo ló lè dúró fún ọdún mẹ́fà?

Nítorí náà, a bẹ̀ yín pé kí ẹ lẹ ìwé àdéhùn náà síta, ní èdè tí gbogbo wa gbọ́, fún oṣù mẹ́ta ó kéré tán, kí ẹ sì pe ìpàdé gbangba lórí rẹ̀. Kí iye ènìyàn tí wọn yóò gbà síṣẹ́, iye owó oṣù wọn àti ààbò ilé tí wọn yóò ti ṣiṣẹ́ wà nínú rẹ̀ ní nọ́mbà. Kí ìdáríjì owó-orí máa tẹ̀lé iye ènìyàn tí wọ́n gbà ní tòótọ́, lọ́dọọdún, kí wọ́n sì dá èyí tí wọ́n ti jẹ padà bí wọ́n bá ti ilẹ̀kùn ṣáájú àkókò. Kí ẹjọ́ máa jẹ́ ti ilé ẹjọ́ tiwa. Kí òṣìṣẹ́ lè dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ láìbẹ̀rù.

Èyí tó kan àwa aláró jù ni omi. Ẹni tó bá ti da omi aró dànù rí mọ ohun tó ń ṣe sí ilẹ̀, tiwa sì jẹ́ ìkòkò mélòó kan péré. Ti ilé-iṣẹ́ yóò jẹ́ odò. Kí wọ́n kọ́ ibi tí wọn yóò ti máa fọ omi náà mọ́ kí ẹ̀rọ àkọ́kọ́ tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, kì í ṣe lẹ́yìn rẹ̀.

Iṣẹ́ ọnà wa náà ń kọ́? Ní 2000, Panama ṣe òfin nọ́mbà 20 láti dáàbò bo iṣẹ́ ọwọ́ àwọn ìbílẹ̀ rẹ̀, pàápàá mola, aṣọ ọlọ́nà tí àwọn ẹ̀yà Guna ń fi ọwọ́ rán, kí ẹnikẹ́ni má baà máa fi ẹ̀rọ tẹ̀ ẹ́ tà. Ẹ kọ ọ́ sínú àdéhùn pé wọn kò ní mú ọnà wa tẹ̀ sára aṣọ láìgba àṣẹ lọ́wọ́ wa.

Àwọn aṣojú wa mẹ́fà ti ṣe tán láti wá jókòó tì yín ní ọjọ́ àti àkókò tí ẹ bá dá. A ó mú agbẹjọ́rò wa dání, owó tiwa ni a ó sì fi san án.

Àwa ni tiyín nítòótọ́, ní orúkọ gbogbo ọmọ ẹgbẹ́,

Alága Ẹgbẹ́
Akọ̀wé Ẹgbẹ́