Lẹ́tà sí Bàbá Ọ̀fà, káfíńtà

Bàbá Ọ̀fà, ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú làálàá. Àwọn ọmọ iṣẹ́ ńkọ́?

Ní Iléyá tó kọjá, ẹ bi mí níwájú gbogbo ẹbí pé irú iṣẹ́ wo ni kí èèyàn máa kọ́ ilé tí ẹnikẹ́ni ò ní gbé. Ariwo pọ̀ nílé lọ́jọ́ náà, n ò ráyè dá yín lóhùn bó ṣe yẹ.

Production designer ni wọ́n ń pe ẹni tó ń ṣe é. Òun ló ń pète gbogbo ohun tí ojú máa rí nínú eré sinimá: yàrá, ilẹ̀kùn, àga, àwọ̀ ọ̀dà, ibi tí iná máa gbà wọlé. Tó bá wá jẹ́ eré ọjọ́ iwájú, tí ọkọ̀ ń rìn láàárín ìràwọ̀, kò sí èyí tó máa rí rà lọ́jà. Kíkàn ni, àwọn káfíńtà ló sì ń kàn án, Bàbá. Irin tí ẹ ń rí lára ọkọ̀ yẹn, plywood tí wọ́n fi ọ̀dà pa lójú ló pọ̀ jù níbẹ̀.

Ọkùnrin kan wà ní Amẹ́ríkà, Matt Jefferies. Ó ti bá wọn wà nínú bàálù ológun nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, kó tó wá ya ọkọ̀ inú Star Trek, eré tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi hàn lórí tẹlifíṣọ̀n ní 1966. Ara ọkọ̀ náà jọ̀lọ̀, ẹ̀rọ kankan ò yọ síta. Ó ní tí nǹkan bá bàjẹ́ lókè lọ́hùn-ún, inú ló yẹ kí ẹni tó máa tún un ṣe wà. Ọ̀rọ̀ yìí wù mí gan-an, torí ẹ̀yin náà kì í kan kọ́bọ́ọ̀dù láìkọ́kọ́ bèèrè ibi tí ọwọ́ máa gbà dé ìdí rẹ̀. Yàrá tí ọ̀gá ọkọ̀ ti ń pàṣẹ, ègé ègé ni wọ́n kàn án, kí wọ́n lè fa apá kan kúrò fún kámẹ́rà. Ilẹ̀kùn tó ń ṣí fúnra rẹ̀, èèyàn ló ń fà á lẹ́yìn ògiri.

Èmi àtàwọn ọ̀rẹ́ mi fẹ́ ṣe eré kékeré kan ní Tanke, ní Ìlọrin níbí: ọkọ̀ tí àwọn ará Ìlọrin gbé lọ sójú ọ̀run. Níbo ni wọ́n á ti máa kírun? Bútà á wà níbo? Mo fẹ́ kí ọ̀dà ẹsẹ̀ ògiri ṣí díẹ̀ níbi tí omi àlùwàlá ti ń ta sí i lójoojúmọ́, kí ẹni tó bá rí i gbà pé èèyàn ń gbé ibẹ̀.

Ògiri mẹ́ta ló gbọ́dọ̀ ṣeé yọ. Kámẹ́rà á wọlé, a ó dá ògiri padà, ojú ìsopọ̀ ò sì gbọ́dọ̀ hàn. Ìṣó ni gbogbo káfíńtà tí mo bi níbí ń sọ. Bẹ́ẹ̀dì tí ẹ kàn fún Ìyá Àgbà, a tú u láìlo òòlù nígbà tí a ń kó kúrò nílé àtijọ́, a sì tò ó padà bí ẹni pé ẹnikẹ́ni ò fọwọ́ kàn án. Irú ìsopọ̀ yẹn ni mò ń wá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi yà á sórí bébà, kí ẹ fi rán ẹnikẹ́ni tó bá ń bọ̀ ní Ìlọrin. Tí ẹ bá sì lè wá fúnra yín, yàrá ń bẹ, owó mọ́tò yín sì wà lọ́wọ́ mi.