Ìdajì tí a pín sí mẹ́ta

Olóòtú wa ọ̀wọ́n,

Ohun tí ẹ kọ lọ́sẹ̀ tó kọjá lórí ogún pínpín rán mi létí àríyànjiyàn ilé wa. Ìyàwó méjì ni bàbá wa fẹ́. Ìyá tèmi bí mẹ́ta, ìyàwó kejì bí ẹyọ kan. Nígbà tí owó ṣọ́ọ̀bù Bàbá wọlé, ₦360,000, àwọn àgbà ẹbí ní ìdí-igi (ọ̀dọ̀ ìyàwó kọ̀ọ̀kan gba ìpín kan náà) la ó fi pín in, kì í ṣe orí-ò-jorí (ọmọ kọ̀ọ̀kan gba ìpín kan náà). Ìdí-igi yìí náà ni Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, ilé ẹjọ́ tó ga jù fún Nàìjíríà nígbà náà, fọwọ́ sí ní 1962, nínú ẹjọ́ Dawodu àti Danmole láti Èkó: ìyàwó mẹ́rin, ọmọ mẹ́sàn-án ni olóògbé fi sílẹ̀.

Ìdajì kan ọ̀dọ̀ ìyá wa. Àbúrò mi ní, "Àwa mẹ́ta ni, ìdá mẹ́ta ló kan ẹnì kọ̀ọ̀kan." ₦120,000 ló ń retí! Mo ṣàlàyé títí, kò gbà. (Ta ló ń gbọ́ ti olùkọ́ nídìí owó?) Ni mo bá gbé búrẹ́dì kan sílẹ̀. Mo là á sí méjì, mo gé ìdajì tiwa sí mẹ́ta, mo ní bí mo bá gé ìdajì kejì bẹ́ẹ̀, ègé mélòó ni yóò jẹ́ lápapọ̀? Ó ní mẹ́fà. Ìdá mẹ́fà búrẹ́dì, ìdá mẹ́fà owó: ₦60,000.

Inú rẹ̀ ò dùn, àmọ́ ó gbà á. Ohun tó dun èmi ni pé ọdún 31 ni mo fi ń sọ fún ọmọ iléèwé pé, "Bí ẹ bá ń pín ìdá, ẹ dorí nọ́ńbà tí ẹ fi ń pín in kodò, kí ẹ wá sọ ọ́ di púpọ̀." N kò gé búrẹ́dì fún wọn rí.

Olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì,
Ìbàdàn