Ta ni májèlé ń dáàbò bò?

Sí Olóòtú,

N kò fara mọ́ ọ̀rọ̀ ẹni tó kọ̀wé sí yín pé bọ́ǹbù átọ́míìkì ló ń jẹ́ kí ayé rójú. Bí àgbẹ̀ méjì bá ń jà nítorí ààlà oko, tí ọ̀kan gbé ìgò májèlé dúró létí odò tí gbogbo wa ń pọn, pé òun yóò dà á sí i bí èkejì bá mira, ṣé àlàáfíà la ó pe ìyẹn? Nígbà tí Faransé ń dán bọ́ǹbù átọ́míìkì tirẹ̀ wò ní aṣálẹ̀ Sàhárà lọ́dún 1960, Nàìjíríà, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbòmìnira, lé aṣojú wọn lọ ní 1961 (ìgboyà ayé àtijọ́!). Gúúsù Áfíríkà tú bọ́ǹbù mẹ́fà tó ti ṣe palẹ̀, kò sì sí ẹni tó tìtorí ìyẹn gbógun tì í.

Olùkọ́ fẹ̀yìntì,
Ìkọ̀lé-Èkìtì.