Lẹ́tà sí Bùrọ̀dá mi, àwòrò Elétíkan

Bùrọ̀dá mi,

Ọmọ yín ló dá gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Ó wá lo ìsinmi lọ́dọ̀ mi, ó gbé kọ̀ǹpútà ka orí tábìlì oúnjẹ, ó ń ta géèmù kan tí wọ́n ti ń fi idà jà. Ló bá pè mí: "Àǹtí, ẹ wá wò ó. Wọ́n ní bí mo bá fẹ́ jẹ́ àlùfáà, àfi kí n yan òrìṣà tí màá máa sìn." Mo wo orúkọ tí wọ́n tò síbẹ̀: òrìṣà ìmọ́lẹ̀, òrìṣà òkùnkùn, òrìṣà àwọn olè pàápàá. Ó ní kò sí èyí tó wu òun nínú gbogbo wọn. "Ṣé èèyàn ò lè dá tiẹ̀ sílẹ̀ ni?"

Mo ní kó jẹ́ n lọ wo ẹ̀wà lórí iná. Kò sí ẹ̀wà kankan lórí iná.

Lọ́dún 1993, tí àwọn èèyàn ń fẹ̀hónú hàn nítorí ìbò June 12, Bàbá ò jẹ́ ká fẹsẹ̀ kan ìta. Ẹ jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́tàlá, èmi mẹ́sàn-án. Ìwé kan tí kò lẹ́yìn mọ́, ti Tolkien òǹkọ̀wé ìtàn òyìnbó, tí ẹ rà lọ́wọ́ àwọn tó ń ta àlòkù ní Dùgbẹ̀, lẹ ń kà fún mi nídìí àtùpà, ẹ ń túmọ̀ rẹ̀ sí Yorùbá bí ẹ ṣe ń lọ. Bí Ilúvatar, ẹlẹ́dàá inú ìwé náà, ṣe ní kí àwọn Ainur, àwọn ẹ̀mí tó dá, kọrin, tí orin náà di ayé. Bí Melkor, ọ̀kan nínú wọn, ṣe ń ti orin tiẹ̀ bọ inú ti wọn títí gbogbo ẹ̀ fi dàrú. Ilúvatar dìde, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó gbé ọwọ́ òsì sókè, orin mìíràn bẹ̀rẹ̀. Melkor tún bà á jẹ́. Ilúvatar dìde lẹ́ẹ̀kejì, ojú rẹ̀ le, ó gbé ọwọ́ ọ̀tún. Lẹ́ẹ̀kẹta ọwọ́ méjèèjì ló gbé, orin sì dákẹ́.

Ẹ pa ìwé dé. Ẹ fọwọ́ ra etí òsì yín, èyí tí ṣegede bàjẹ́ nígbà tí ẹ wà ní pírámárì, ẹ ní: "Tó bá jẹ́ etí kan ni ẹni tó dá ayé fi ń gbọ́ orin ńkọ́? Irú ayé wo ni ì bá dá?"

Báyìí la ṣe bí Elétíkan. Ayé tó fi orin dá dagẹ̀rẹ̀ sápá kan: odò ibẹ̀ ń gòkè, àkùkọ ń kọ nírọ̀lẹ́, ẹni tó bá gba ọ̀nà ọjà tààrà á bá ara rẹ̀ nílé àna. Ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n ń gba àdúrà, ẹ̀ẹ̀kan sápá ọ̀tún, ẹ̀ẹ̀kan sápá òsì, torí kò sẹ́ni tó mọ etí tó ń gbọ́. Èèwọ̀ ni kéèyàn súfèé lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹlòmíràn. Kò tó ọ̀sẹ̀ méjì tí ìjọ fi pín: ẹ̀yin ni àwòrò Ìjọ Ọ̀tún, èmi ti Ìjọ Òsì. Mo ní ṣebí ọwọ́ òsì ni Ilúvatar gbé nígbà tó ń rẹ́rìn-ín, ìgbà tó fajú ro ló tó gbé ọ̀tún. Ẹ ò rí èsì fọ̀. Ìdérí kóòkì la fi jagun lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Èmi sì ni akọ̀wé ìjọ méjèèjì, torí ọwọ́ mi dára ju tiyín lọ.

Ẹ ti rí i nínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú ìwé yẹn pé Tolkien ti kú kó tó jáde. Ọdún 1973 ló kú. Christopher ọmọ rẹ̀ ló kó ohun tó kọ sílẹ̀ jọ, tó tẹ̀ ẹ́ ní 1977. Ẹ ní, "Tí mo bá kú, ìwọ ni Christopher mi." Mo bú sẹ́kún. Ẹ fún mi ní bàbàdúdú kí n lè dákẹ́.

Ẹ mọ ibi tí mò ń lọ.

Bàbá tó fẹnu ara rẹ̀ ka Fágúnwà fún wa, tó máa ń ṣe bí Àgbákò tí gbogbo wa á fi sá sẹ́yìn àga, Bàbá yìí kan náà ló rí ìwé ajákọ wa tó ní ẹ̀mí òkùnkùn ni. Mi ò tíì rí ẹni tó lè ṣàlàyé ìyẹn fún mi. Wọ́n bèèrè ẹni tó kọ ọ́. Ọwọ́ mi ló wà níbẹ̀. Mo ní ẹ̀yin lẹ bí Elétíkan, èmi kàn ń kọ ọ́ ni. Wọ́n ní mò ń purọ́. Ẹ wà létí kànga, ẹ kọ ẹ̀gbẹ́ sí wa, ẹ ń fa omi. Mo pariwo: "Bùrọ̀dá mi, ẹ wá sọ fún wọn!"

Okùn dúró lọ́wọ́ yín.

Mo rí i. Kò pẹ́, àmọ́ ó dúró. Lẹ́yìn náà ẹ tún ń fà á lọ. Mo ké lẹ́ẹ̀kejì, ẹ ò yíjú. Pàṣán méjìlá, ìṣọ́ òru ọjọ́ mẹ́ta lórí eékún, ìwé jóná nínú àdògán tí Màmá fi ń dín àkàrà. Lálẹ́ ọjọ́ náà ẹ ki gúgúrú àti ẹ̀pà bọ̀ mí lọ́wọ́ nínú òkùnkùn, ẹ ò sọ̀rọ̀.

Ó ti lé lọ́gbọ̀n ọdún tí mo ti ń ṣe ìṣirò yìí. Tí ẹ bá kọjú sí ilé ìdáná, etí òsì ló wà lọ́dọ̀ wa, ẹ ò gbọ́. Tó bá jẹ́ ògiri àwọn aládùúgbò lẹ kọjú sí, ọ̀tún ni, ẹ gbọ́ mi. Ó sì lè jẹ́ pé ọwọ́ ló ń ro yín lásán. Nígbà tí mo lọ kó ẹrù Màmá kúrò nílé yẹn, mo dúró létí kànga, wọ́n ti da sìmẹ́ǹtì bò ó, mo ń yí síhìn-ín yí sọ́hùn-ún, mò ń wá ibi tí ẹ gbẹ́sẹ̀ lé. Ayálégbé kan bi mí bóyá owó mi ló jábọ́.

Mo bi yín lọ́jọ́ ìgbéyàwó mi. Ẹ na etí òsì sí mi, ẹ ní "Kí lo wí?", gbogbo èèyàn bú sẹ́rìn-ín. Mo tún bi yín ní ọsibítù, lálẹ́ tó gbẹ̀yìn. Ẹ̀gbẹ́ òsì bẹ́ẹ̀dì ni mo jókòó sí. Ẹ má rò pé mo gbàgbé. Mo mọ̀ pé òsì ni.

Ọkọ mi ti pé ọdún méjì ní Kánádà báyìí. Nígbà tó kọ́kọ́ débẹ̀, a lè sọ̀rọ̀ di ìdájí. Ní báyìí, tí mo bá ti dárúkọ owó iléèwé àwọn ọmọ, tàbí owó ilé tí lánlọ́ọ̀dù fẹ́ sọ di ìlọ́po méjì, kíá ni nẹ́tíwọ́ọ̀kì á bàjẹ́. "Hẹ́lò? Hẹ́lò? Mi ò gbọ́ ẹ." Èmi ń gbọ́ tiẹ̀ ketekete. Mò ń gbọ́ síbí nínú abọ́ rẹ̀. Tí mo bá fẹnu ba owó, síbí á dúró. Lẹ́yìn náà á tún máa lọ.

Iléèwé tí mo ti ń kọ́ àwọn ọmọ jẹ mí lówó oṣù mẹ́ta. Wọ́n ní kí n wá sí ìṣọ́ òru, mo lọ. Mo la ẹnu láti gbàdúrà, ti Elétíkan ló jáde: mo yíjú sọ́tùn-ún, mo sọ ọ́, mo yíjú sósì, mo tún un sọ. Ìyá tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi rò pé ọrùn ló ń dùn mí, ó fún mi ní robb.

Mo ti sọ ti Elétíkan fún ọmọ yín, ohun tí mo rántí nínú rẹ̀. Ó ti ń kọ ọ́ sínú ìwé. Ó tún ṣẹ̀ṣẹ̀ pè mí láti pálọ̀: ó fẹ́ mọ etí tó ń gbọ́, kó lè mọ apá ibi tí àwọn èèyàn á kọ́ ojúbọ sí.

Mo ní kó jẹ́ kí n kọ lẹ́tà yìí tán ná.

Àbúrò yín,
Àwòrò Ìjọ Òsì