Ẹ dá owó àsansílẹ̀ ilẹ̀ padà fún ẹni tó san án

Ọ̀gá Olóòtú,

Ó dùn mí pé ní Adó-Èkìtì níbí, ẹni tó san àsansílẹ̀ lórí ilẹ̀ ẹbí, tó wá hàn pé ẹnì kan ló dá a tà láìjẹ́ pé olórí ẹbí lọ́wọ́ sí i, ni wọ́n ń sọ fún pé kó ní sùúrù títí oníbàárà mìíràn yóò fi dé. Irú títà bẹ́ẹ̀ kò fẹsẹ̀ múlẹ̀ lábẹ́ òfin. Gbèsè ni owó náà jẹ́ lọ́rùn ẹni tó gbà á.

Aládùúgbò mi kan, ìyá oníṣu, ṣì di rìsíìtì tirẹ̀ sínú ọ̀rá. Agbẹjọ́rò ló yẹ kó gbé e tọ̀ lọ, kì í ṣe àgọ́ ọlọ́pàá, nítorí òfin ọlọ́pàá ọdún 2020 kò gbà kí wọ́n mú ènìyàn nítorí àdéhùn tó yẹ̀ nìkan. Ẹ̀yin olórí ẹbí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ pe ọmọ yín tó gbowó jókòó, kó dá a padà.

Olùkàwé yín,
Adó-Èkìtì